Láti Ara Díẹ̀ Dé Orí Odidi: Bí A Ṣe Ń Ṣírò Ààlà Ìdánilójú fún Ìpíndọ́gba

Tí ẹnìkan bá wọn omi inú ọ̀rá píọ̀ wọ́tà méjìlá, tó wá sọ fún wa pé ìpíndọ́gba wọn jẹ́ mílílítà 494, ìdajì ọ̀rọ̀ ló sọ. Ọ̀rá méjìlá mìíràn láti inú iṣẹ́ ọjọ́ kan náà lè fún un ní 497, méjìlá mìíràn sì lè fún un ní 492. Èwo ni ká dì mú nínú wọn? Ohun tó yẹ ká béèrè lọ́wọ́ rẹ̀ ni nọ́ńbà méjì, ọ̀kan nísàlẹ̀, ọ̀kan lókè, tí ìpíndọ́gba gbogbo omi tí ilé-iṣẹ́ náà rọ lọ́jọ́ yẹn máa wà láàárín wọn, kó sì sọ bí ọ̀nà tó gbà rí wọn ṣe ṣeé gbára lé tó. Nọ́ńbà méjì yìí là ń pè ní ààlà ìdánilójú.

Ẹni tó bá mọ àròpọ̀ àti pínpín, tó sì ní ẹ̀rọ ìṣirò lórí fóònù, lè ṣe é. Ibi tí iṣẹ́ yìí ti máa ń bàjẹ́ jù ni ìgbà tí a bá ń mú àwọn ọ̀rá tí a ó wọ̀n, kí a tó fọwọ́ kan ìṣirò rárá. Mo máa pẹ́ díẹ̀ níbẹ̀, nítorí kò sí ìṣirò tó lè tún un ṣe lẹ́yìn tó bá ti bàjẹ́.

Ẹ kọ ìbéèrè yín sílẹ̀ kí ẹ tó gbé òṣùwọ̀n jáde

Ìpíndọ́gba kí ni? Ti àwọn wo? Ti ìgbà wo? Ẹ kọ ọ́ sórí ìwé. Nínú àpẹẹrẹ tí a máa lò, ká sọ pé ilé-iṣẹ́ omi kékeré kan ń rọ 8,000 ọ̀rá lóòjọ́, wọ́n sì kọ 50cl, ìyẹn mílílítà 500, sára ọ̀rá kọ̀ọ̀kan. Ìbéèrè wa ni pé: mílílítà mélòó ni ìpíndọ́gba omi inú gbogbo 8,000 ọ̀rá tí wọ́n rọ lọ́jọ́ Tuesday? Àwọn 8,000 yẹn ni odidi. Àwọn méjìlá tí a máa mú nínú wọn ni sáńpù.

Ẹ ṣàkíyèsí pé "ọjọ́ Tuesday" wà nínú ìbéèrè náà. Ìdáhùn tí a bá rí kò ní sọ ohunkóhun nípa ti ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, bẹ́ẹ̀ ni kò ní sọ nípa ilé-iṣẹ́ tó wà ní òdìkejì títì. Ẹni tó bá fẹ́ sọ̀rọ̀ nípa oṣù kan gbọ́dọ̀ mú sáńpù rẹ̀ káàkiri oṣù náà.

Bí a ṣe ń mú sáńpù

Ọ̀nà tó yá jù ni pé kí ẹ ṣí báàgì kan, kí ẹ kó méjìlá jáde nínú ogún tó wà níbẹ̀. Ẹ má ṣe é. Ogún ọ̀rá inú báàgì kan jáde láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀ síra wọn, nígbà tí ẹ̀rọ wà ní ipò kan náà, tí omi sì ń tì í pẹ̀lú agbára kan náà. Wọ́n máa jọra ju bí gbogbo iṣẹ́ ọjọ́ náà ṣe jọra lọ. Ìyàtọ̀ tí ẹ máa rí láàárín wọn máa kéré, ààlà yín máa há, ẹ sì máa rò pé ẹ mọ ohun tí ẹ kò mọ̀.

Bákan náà, ẹ má jẹ́ kí ẹni tí ọ̀rọ̀ náà kàn bá yín ṣà á. Máníjà tó ń ṣa ọ̀rá fún yín kò ní mú èyí tó rọ̀ jọ̀bọ̀tọ̀.

Ọ̀nà tó tọ́ ni kí gbogbo ọ̀rá ní àǹfààní kan náà láti bọ́ sí yín lọ́wọ́. Tí ọ̀rá náà bá ní nọ́ńbà, tàbí tí ẹ lè kà wọ́n bí wọ́n ṣe ń jáde, ẹ ṣẹ́ kèké: ẹ jẹ́ kí kọ̀ǹpútà tàbí fóònù yan nọ́ńbà méjìlá láàárín 1 sí 8,000 fún yín, kí ẹ sì mú àwọn yẹn gan-an. Bí ìyẹn bá ṣòro, ẹ lè máa mú ọ̀kan lẹ́yìn iye kan. 8,000 tí a pín sí 12 fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ 666. Ẹ ṣẹ́ kèké fún ti àkọ́kọ́ láàárín 1 sí 666, kí ẹ wá máa ka 666 kí ẹ tó mú òmíràn.

Ọ̀fìn kan wà níbẹ̀, ó sì ti gbé ọ̀pọ̀ èèyàn mì. Ẹ̀rọ mìíràn ní ẹnu méjì tí ń rọ omi, wọ́n sì ń gbà á láàárín ara wọn: ẹnu kìíní, ẹnu kejì, ẹnu kìíní, ẹnu kejì. Nítorí pé 666 ṣeé pín sí méjì, ẹnu kan ṣoṣo ni gbogbo ọ̀rá méjìlá yín máa ti jáde! Tí ẹnu kejì bá ń rọ omi díẹ̀díẹ̀, ẹ kò ní mọ̀ láéláé. Ẹ máa ka 665 dípò rẹ̀, ẹnu méjèèjì á sì wọ inú sáńpù. Ìdí nìyí tó fi dára kí ẹ lọ wo bí iṣẹ́ náà ṣe ń lọ kí ẹ tó yan ọ̀nà tí ẹ máa gbà mú sáńpù.

Àwọn kan gbà pé tí sáńpù bá ti pọ̀ rẹpẹtẹ, kò sí ewu mọ́. Ìtàn ìdìbò ààrẹ Amẹ́ríkà ní ọdún 1936 ta ko èrò yìí. Ìwé ìròyìn Literary Digest fi káàdì ránṣẹ́ sí nǹkan bíi mílíọ̀nù mẹ́wàá èèyàn láti béèrè ẹni tí wọ́n máa dìbò fún, ó lé ní mílíọ̀nù méjì tó fèsì, ìwé ìròyìn náà sì kéde pé Alf Landon ló máa wọlé. Franklin Roosevelt ló wọlé, ó sì fi ìbò púpọ̀ gba ipò náà. Orúkọ tí wọ́n fi ránṣẹ́ wá láti inú ìwé nọ́ńbà tẹlifóònù àti àkọsílẹ̀ àwọn tó ní mọ́tò, lásìkò tí ọ̀pọ̀ tálákà kò ní èyíkéyìí nínú méjèèjì, ó sì tún jẹ́ pé díẹ̀ nínú àwọn tí wọ́n kọ̀wé sí ló dáhùn. Ńṣe ni àwọn mílíọ̀nù yẹn kàn ń tẹnu mọ́ àṣìṣe kan náà.

Wíwọ̀n

Mílílítà omi kan wọn nǹkan bíi gíráàmù kan, nítorí náà òṣùwọ̀n ilé ìdáná tó ń ka gíráàmù ti tó. Ẹ wọn ọ̀rá pẹ̀lú omi, ẹ da omi náà nù, ẹ nu ọ̀rá gbẹ, ẹ wọn ọ̀rá nìkan, kí ẹ yọ ọ́ kúrò. Kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀, ẹ gbé ohun kan tí ẹ mọ ìwọ̀n rẹ̀ dájú sórí òṣùwọ̀n náà. Tí òṣùwọ̀n bá ń fi gíráàmù mẹ́ta kún gbogbo nǹkan, ààlà yín máa ṣí kúrò níbi tó yẹ kó wà láìfẹ̀ sí i rárá, kò sì sí ohunkóhun nínú ìṣirò tó máa ta yín lólobó.

Ìṣirò

Èyí ni nọ́ńbà méjìlá tí a máa lò. Àpẹẹrẹ ni wọ́n, mo tò wọ́n kí ìṣirò má bàa lọ́ lọ́wọ́:

496, 503, 489, 500, 492, 498, 485, 497, 494, 490, 497, 487

Ẹ kọ́kọ́ wá ìpíndọ́gba. Àròpọ̀ wọn jẹ́ 5,928. Ẹ pín in sí 12, ó di 494.

Lẹ́yìn náà, ẹ wo bí ọ̀kọ̀ọ̀kan ṣe yà kúrò lọ́dọ̀ 494. Ti àkọ́kọ́ fi 2 ju 494 lọ, ìkejì fi 9 jù ú lọ, ìkẹta fi 5 dín sí i, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ:

2, 9, −5, 6, −2, 4, −9, 3, 0, −4, 3, −7

Tí ẹ bá ro àwọn ìyapa wọ̀nyí pọ̀, òdo ló gbọ́dọ̀ jẹ́. Bí kò bá jẹ́ òdo, ẹ padà, àṣìṣe wà níbì kan. Ẹ wá sọ ìyapa kọ̀ọ̀kan di púpọ̀ nípa ara rẹ̀, kí ẹ sì rò wọ́n pọ̀:

4 + 81 + 25 + 36 + 4 + 16 + 81 + 9 + 0 + 16 + 9 + 49 = 330

Ẹ pín 330 sí 11, ẹ má pín in sí 12. Ìdí rẹ̀ ni pé àwọn ìyapa yẹn kò lè ṣe kí wọ́n má di òdo tí a bá rò wọ́n pọ̀: tí a bá ti mọ mọ́kànlá, a ti mọ ìkejìlá. Mọ́kànlá péré ló ní òmìnira. Ẹni tó bá pín in sí 12 máa rí ìyàtọ̀ tó kéré ju bó ṣe yẹ lọ, pàápàá tí sáńpù bá kéré. 330 ÷ 11 = 30, gbòǹgbò rẹ̀, ìyẹn √30, sì jẹ́ 5.48. Èyí ni ìwọ̀n ìyapa: bí ọ̀rá kan ṣe máa ń yàtọ̀ sí òmíràn.

Ṣùgbọ́n a kò wá ìyàtọ̀ àárín ọ̀rá kan sí òmíràn. Bí ìpíndọ́gba méjìlá kan ṣe máa yàtọ̀ sí ìpíndọ́gba méjìlá mìíràn là ń wá, ìyẹn sì máa ń kéré jù, nítorí pé èyí tó kún jù àti èyí tó dín jù máa ń dọ́gba ara wọn nínú ìpíndọ́gba. Ẹ pín 5.48 sí √12, tó jẹ́ 3.464. Ó di 1.58. Ẹ jẹ́ ká pe èyí ní ìmì ìpíndọ́gba.

Ó ku iye ìgbà tí a máa fi ìmì náà sí ọ̀tún àti òsì. Ọ̀pọ̀ ìwé ní 1.96 fún ìdánilójú 95%. Nọ́ńbà yẹn tọ́ nígbà tí a bá mọ ìwọ̀n ìyapa odidi tẹ́lẹ̀, tàbí nígbà tí sáńpù bá pọ̀ gan-an. Ọ̀rá méjìlá péré ni tiwa, láti ara wọn náà la sì ti ṣírò ìwọ̀n ìyapa, nítorí náà iyèméjì wà nínú 5.48 fúnra rẹ̀. William Sealy Gosset ló rí ojútùú ọ̀ràn yìí. Ilé-iṣẹ́ ọtí Guinness ní Dublin ló ti ń ṣiṣẹ́ láti ọdún 1899, díẹ̀díẹ̀ ni sáńpù ọkà báálì àti ti ọtí tó máa ń wà lọ́wọ́ rẹ̀, kò sì lè máa dúró dìgbà tí wọ́n bá di ọgọ́rùn-ún. Ní ọdún 1908 ó tẹ iṣẹ́ rẹ̀ jáde nínú ìwé ìròyìn Biometrika pẹ̀lú orúkọ "Student", nítorí ilé-iṣẹ́ náà kò fẹ́ kí òṣìṣẹ́ máa fi orúkọ ara rẹ̀ tẹ irú nǹkan bẹ́ẹ̀ jáde. Láti ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni táábù t ti wá. Èyí ni díẹ̀ lára rẹ̀ fún 95%:

Sáńpù 5: 2.776
Sáńpù 10: 2.262
Sáńpù 12: 2.201
Sáńpù 20: 2.093
Sáńpù 30: 2.045
Sáńpù 60: 2.001

Nínú táábù tó wà nínú ìwé, ẹ máa fi ẹyọ kan dín iye sáńpù yín kí ẹ tó wá a: ti 12 wà lórí ìlà 11.

Tiwa jẹ́ 2.201. Ẹ sọ ọ́ di púpọ̀ nípa 1.58, ó di 3.48. Ẹ yọ ọ́ kúrò nínú 494, ẹ sì fi kún 494:

490.5 sí 497.5

Ohun tí ilé-iṣẹ́ náà kọ sára ọ̀rá kò sí láàárín wọn. Mílílítà 500 ga ju ẹnu òkè ààlà wa lọ, nítorí náà ẹ̀rí wà lọ́wọ́ wa pé, ní ìpíndọ́gba, wọn kò rọ omi tó ohun tí wọ́n kọ. Tí ẹ bá fẹ́ ìdánilójú 99%, ẹ lo 3.106 dípò 2.201, ààlà á fẹ̀ di 489.1 sí 498.9. 500 ṣì wà níta. Tí ẹ bá fara mọ́ 90%, 1.796 lẹ máa lò, ó máa jẹ́ 491.2 sí 496.8. Èyí tó bá wù yín, ẹ yàn án kí ẹ tó rí nọ́ńbà. Ẹni tó bá ṣírò mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, tó wá mú èyí tó gbe ẹjọ́ rẹ̀, ti ba iṣẹ́ ara rẹ̀ jẹ́.

Kí ni 95% yẹn ń sọ?

Kò sọ pé ìdá 95 nínú ọgọ́rùn-ún ọ̀rá wà láàárín 490.5 sí 497.5. Ẹ wo àwọn nọ́ńbà wa lẹ́ẹ̀kan sí i: márùn-ún péré nínú méjìlá ló bọ́ sáàárín. Ìpíndọ́gba ni ààlà yìí wà fún, kì í ṣe ọ̀rá kọ̀ọ̀kan. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ibi tí ọ̀rá kọ̀ọ̀kan lè dé nílò ìṣirò mìíràn, tó fẹ̀ ju èyí lọ fíìfíì.

Jerzy Neyman, ọmọ ilẹ̀ Póláǹdì tó parí iṣẹ́ rẹ̀ ní California, ló fìdí àlàyé tó tọ́ múlẹ̀ ní ọdún 1937. Ọ̀nà tí a gbà ṣe iṣẹ́ náà ni 95% ń jẹ́rìí sí. Tí àwọn èèyàn púpọ̀ bá mú ọ̀rá méjìlá-méjìlá lọ́nà kan náà lọ́jọ́ yẹn, tí oníkálukú ṣírò ààlà tirẹ̀, nǹkan bíi 95 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn ààlà wọ̀nyẹn máa gbá ìpíndọ́gba tòótọ́ mú, nǹkan bíi márùn-ún máa tàsé rẹ̀. Ìpíndọ́gba tòótọ́ dúró sójú kan. Ààlà ló ń ṣí kiri bí sáńpù ṣe ń yí padà. A kò lè wo ààlà tiwa ká mọ̀ bóyá ó wà lára àwọn tó tàsé. Ìdí nìyẹn tí mo fi tẹnu mọ́ bí a ṣe ń mú sáńpù: tí ọ̀nà náà bá wọ́, 95% yẹn kò sí mọ́.

Mélòó ló tó?

Mílílítà 3.48 ní ọ̀tún àti òsì lè pọ̀ jù fún yín. Ká sọ pé ẹ fẹ́ kó má ju 2 lọ. Ẹ lo ìwọ̀n ìyapa tí ẹ ti rí: ẹ sọ 1.96 di púpọ̀ nípa 5.48, ẹ pín in sí 2, ẹ sọ èsì rẹ̀ di púpọ̀ nípa ara rẹ̀. Ó jẹ́ 28.8, ìyẹn ọ̀rá 29. Ṣùgbọ́n táábù t fún 29 jẹ́ 2.048, kì í ṣe 1.96, tí ẹ bá fi ìyẹn tún un ṣe, ó di 32. Ẹ mú 32.

Bí ẹ bá fẹ́ mílílítà 1 péré ńkọ́? Ó di 116, táábù t sì sọ ọ́ di 118. Ẹ rí i pé láti dín ààlà kù sí ìdajì, sáńpù gbọ́dọ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ di ìlọ́po mẹ́rin. Ibẹ̀ ni owó àti àkókò ti máa ń fi èèyàn sílẹ̀, ó sì dára kí a mọ̀ ọ́n kí a tó bẹ̀rẹ̀.

Bí odidi ṣe tóbi tó kò fi bẹ́ẹ̀ ní í ṣe pẹ̀lú ọ̀rọ̀ yìí. Ì báà jẹ́ 8,000 ọ̀rá tàbí 800,000, ọ̀rá 32 tí a mú dáadáa máa ṣe iṣẹ́ kan náà. Ìgbà tó máa ní í ṣe ni ìgbà tí sáńpù bá kó ibi tó pọ̀ nínú odidi, bíi kó ju ìdá márùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún lọ. Tó bá jẹ́ báàgì kan ṣoṣo tó ní 20 ọ̀rá ni ìbéèrè wa dá lé, tí a sì wọn 12 nínú wọn, ẹ sọ 3.48 di púpọ̀ nípa √(8/19), níbi tí 8 ti jẹ́ iye tó ṣẹ́ kù láìwọ̀n, tí 19 sì jẹ́ 20 tó dín ẹyọ kan. Ó di 2.26.

Nígbà tí nọ́ńbà kan bá dá yà

Táábù t gbà pé àwọn nọ́ńbà kó ara wọn jọ sí àárín, tí wọ́n ń dín kù sí ọ̀tún àti òsì bákan náà. Omi inú ọ̀rá sábà máa ń ṣe bẹ́ẹ̀. Owó tí èèyàn ń pa kì í ṣe bẹ́ẹ̀: ọ̀pọ̀ ń pa díẹ̀, àwọn bíi mélòó kan ń pa rẹpẹtẹ.

Gosset fúnra rẹ̀ lo àpẹẹrẹ kan tí nọ́ńbà kan ti dá yà ní 1908. Aláìsàn mẹ́wàá ló gba oògùn oorun méjì ní ìgbà ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, èyí sì ni iye wákàtí oorun tí oògùn kan fi ju èkejì lọ lára ẹnì kọ̀ọ̀kan:

1.2, 2.4, 1.3, 1.3, 0.0, 1.0, 1.8, 0.8, 4.6, 1.4

Ẹ ṣírò rẹ̀ fúnra yín. Ìpíndọ́gba jẹ́ 1.58, ìwọ̀n ìyapa 1.23, ìmì ìpíndọ́gba 0.389. Lẹ́yìn tí ẹ bá lo 2.262, ààlà jẹ́ 0.70 sí 2.46 wákàtí.

Ṣùgbọ́n ẹ wo 4.6 yẹn. Ó dá wà lókè lọ́hùn-ún. Tí a bá yọ ọ́, tí a fi mẹ́sàn-án yòókù ṣírò pẹ̀lú 2.306, ààlà di 0.74 sí 1.75. Ẹnu ìsàlẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ yí padà, ẹnu òkè já wálẹ̀. Ohun tí èyí kọ́ wa ni pé a lè gba ọ̀rọ̀ náà gbọ́ pé oògùn kan ju èkejì lọ, ṣùgbọ́n bó ṣe jù ú lọ tó wà lọ́wọ́ ẹnì kan ṣoṣo. Ẹ má sọ irú nọ́ńbà bẹ́ẹ̀ nù ní kọ̀rọ̀. Ẹ kọ́kọ́ wò ó bóyá àṣìṣe ìkọ̀wé ni. Bí kì í bá ṣe bẹ́ẹ̀, ẹ ṣírò méjèèjì, kí ẹ fi méjèèjì hàn.

Fún owó àti irú nǹkan tó wọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan bẹ́ẹ̀, ẹ mú sáńpù tó pọ̀ ju ọgbọ̀n lọ dáadáa, kí ẹ sì bi ara yín bóyá ìpíndọ́gba gan-an lẹ fẹ́, tàbí iye tí ẹni tó wà láàárín gan-an ń pa. Ọ̀nà bootstrap tí Bradley Efron gbé jáde ní 1979 tún wà, tí kọ̀ǹpútà ti ń mú nọ́ńbà láti inú sáńpù yín lẹ́ẹ̀kan sí i, tó ń dá wọn padà, ní ẹgbẹẹgbẹ̀rún ìgbà. Ó wúlò, àmọ́ kò lè sọ sáńpù mẹ́wàá di ọgọ́rùn-ún.

Lórí kọ̀ǹpútà

Nínú Excel tàbí Google Sheets, tí nọ́ńbà yín bá wà láti A1 dé A12: AVERAGE(A1:A12) ni ìpíndọ́gba, STDEV.S(A1:A12) ni ìwọ̀n ìyapa, CONFIDENCE.T(0.05, STDEV.S(A1:A12), 12) sì máa fún yín ní 3.48 tààrà. Ẹ ṣọ́ra fún STDEV.P, 12 ló ń pín sí, 5.24 ló máa fún yín dípò 5.48. Ẹ ṣọ́ra fún CONFIDENCE.NORM náà, 1.96 ló ń lò. Nínú R, ètò kọ̀ǹpútà kan tí wọ́n fi ń ṣe irú ìṣirò yìí, t.test(x) ti tó, níbi tí x ti jẹ́ àwọn nọ́ńbà yín.

Bí a ṣe ń kọ èsì

Ẹ kọ iye sáńpù, ọ̀nà tí ẹ gbà mú un, ìpíndọ́gba, ààlà àti ìwọ̀n ìdánilójú, gbogbo rẹ̀ pọ̀. Fún àpẹẹrẹ: "Nínú ọ̀rá 12 tí a mú lẹ́yìn 665 kọ̀ọ̀kan láti inú iṣẹ́ ọjọ́ Tuesday, ìpíndọ́gba omi jẹ́ mílílítà 494, ààlà ìdánilójú 95% sì jẹ́ 490.5 sí 497.5." Nọ́ńbà kan lẹ́yìn àmì ti tó, òṣùwọ̀n tó ń ka gíráàmù kan kan kò lè fún yín ní 490.5199. Tí ọ̀rá kan bá jò kí ẹ tó wọ̀n ọ́n, tí ẹ sì fi òmíràn rọ́pò rẹ̀, ẹ kọ ìyẹn náà síbẹ̀.